Ọ̀gá Ẹ-Jẹ́-Ká-Dán-An-Wò

Bí ẹ bá ti gba òpópónà márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn kọjá rí, tí ẹ fi Ibafo sílẹ̀ tí ẹ kò tíì dé Mowe, ẹ ti rí igi rẹ̀ ní Asese. Dóńgóyárò ni. Ilẹ̀ abẹ́ rẹ̀ dúdú kirikiri, ọ́ìlì ló mu yó. Mọ́tò mẹ́ta tí kò ní táyà jókòó lórí búlọ́ọ̀kù, bí aláìsàn tí ẹbí gbé wá sí ọsibítù tí wọn kò padà wá wò mọ́. Ìjókòó ẹ̀yìn tí wọ́n tú lára ọ̀kan nínú wọn ni àga àlejò. Ẹ má bínú pé ó ti ya, pé súpíríǹgì ń gún yín nídìí. Ẹ máa pẹ́ lórí rẹ̀, yóò bá yín lára mu.

Ọ̀gá tó ni igi náà kì í ṣe ẹnì kan. Mo ti pàdé rẹ̀ ní Ibafo, mo ti pàdé rẹ̀ ní Mowe, mo pàdé rẹ̀ ní Ṣàgámù tó sanra díẹ̀, mo pàdé rẹ̀ ní Magboro tó dé fìlà. Orúkọ yòówù kí ìyá rẹ̀ sọ ọ́, Ọ̀gá Ẹ-Jẹ́-Ká-Dán-An-Wò lèmi ń pè é, nítorí gbólóhùn yìí ni gbogbo iṣẹ́ mẹkáníìkì tó kọ́.

Ó ní ìwà mìíràn, ṣùgbọ́n mi ò ní pẹ́ lórí wọn. Bí ó bá sọ lórí fóònù pé òun ti dé Long Bridge, inú yàrá rẹ̀ ló wà, ó ń wá bàtà. Bí ó bá ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, ohun àkọ́kọ́ tí yóò bi yín ni pé, "Dádì, ta ló fọwọ́ kan ọkọ̀ yìí gbẹ̀yìn?" Yóò mi orí, yóò pòṣé, yóò káàánú yín lọ́wọ́ oníbàjẹ́ ènìyàn yẹn. Ó ti gbàgbé pé òun ni. Ẹ̀fọn ni ìwọ̀nyí. A ó fi àtẹ́lẹwọ́ pa wọ́n, a ó sì padà sùn. Èyí tí kò jẹ́ kí n sùn ni "ẹ jẹ́ ká dán an wò ná."

Ẹ gbọ́ bí ó ṣe ń sọ ọ́. Kì í pariwo. Yóò fi àkísà tó dọ̀tí ju ọwọ́ rẹ̀ lọ nu ọwọ́, yóò dẹ etí sí ẹ́ńjìnnì bí agbẹ̀bí, yóò wo ojú ọ̀run, lẹ́yìn náà ohùn rẹ̀ yóò rọ̀: "Fúẹ́ẹ̀lì pọ́ǹpù ni mo fura sí, sà. Ẹ jẹ́ ká dán an wò ná." Ẹ ṣàkíyèsí "ká" yẹn dáadáa. Àwa ni o, èmi àti òun. Owó pọ́ǹpù, tèmi nìkan. Owó ọkọ̀ lọ sí ọjà Ládìpọ̀ ní Mùṣín, tèmi nìkan. Àṣìṣe tó bá ti ibẹ̀ yọ nìkan la jọ ń pín.

Ẹ tún wo "dán an wò." Lẹ́nu àwọn baba wa, kí a dán nǹkan wò ni pé kí a yẹ̀ ẹ́ wò, kí a mọ bí ó ti rí, kí a tó náwó lé e. Lẹ́nu ọ̀gá yìí, ó túmọ̀ sí pé kí ẹ ra tuntun, kí a fi rọ́pò àtijọ́, kí a wá máa wo ohun tí Ọlọ́run yóò ṣe. Ọkọ̀ kọ́ ló ń dán wò, ẹ̀yin ni. Ìdánwò gidi ni, irú èyí tí àwọn ará ìjọ ń dìde sọ nígbà ẹ̀rí.

Babaláwo tó burú jù lọ ní Ìpínlẹ̀ Ògùn yóò kọ́kọ́ ju ọ̀pẹ̀lẹ̀ sílẹ̀, yóò wo odù tó yọ, kó tó ka ẹbọ. Ọ̀gá yìí ti ka ẹbọ tán kí ọ̀pẹ̀lẹ̀ tó kúrò nínú àpò. Bí ẹbọ kò bá sì dà, kò ní sọ pé òun kò dá Ifá. Yóò ní ẹbọ ló kù díẹ̀.

Mo ní Corolla 2004 kan, tòkunbọ̀. Ọjọ́ Ẹtì àkọ́kọ́ nínú oṣù ni, alẹ́ tí èrò tó ń lọ sí Redemption Camp máa ń kún ọ̀nà bámúbámú. Mo wà láàárín gosíló, ẹ́ńjìnnì ti gbóná, ló bá kú. Kò wúkọ́, kò gbọ̀n. Ó kú bí ìgbà tí wọ́n mú iná lọ. Mo yí kọ́kọ́rọ́, ẹ́ńjìnnì ń yí, ó ń yí, kò jẹ. Tírélà ń fọn fèrè lẹ́yìn mi bí ẹni pé mo mọ̀-ọ́n-mọ̀ ni. Nígbà tó tó bí ìṣẹ́jú 40, tí mo ti gbà pé ibẹ̀ ni ilẹ̀ yóò mọ́ mi sí, mo tún yí kọ́kọ́rọ́. Ó jẹ lẹ́ẹ̀kan náà, bí ọmọ tó jí láti ojú oorun.

Ẹni tó bá mọ iṣẹ́ yìí ti mọ ibi tí yóò kọ́kọ́ wò. Irin gígùn kan wà nísàlẹ̀ ẹ́ńjìnnì tí a ń pè ní kíránkíṣáàfù; òun ni àwọn písítìn ń tì tó fi ń yí. Àwo irin kan tó léyín yíká jókòó síwájú rẹ̀. Lára Toyota bíi tèmi, àyè eyín 36 ló wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n 34 péré ni eyín. Wọ́n mọ̀-ọ́n-mọ̀ fi àyè méjì sílẹ̀ lófo. Sẹ́ńsọ̀ kékeré kan dúró ti àwo náà. Mágínẹ́ẹ̀tì ló wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú wáyà tẹ́ẹ́rẹ́ tí wọ́n wé bí òwú. Eyín kọ̀ọ̀kan tó bá kọjá lẹ́nu rẹ̀ ń ta iná díẹ̀ sínú wáyà yẹn. Bíréènìbọ́ọ̀sì, kọ̀ǹpútà inú ọkọ̀, ń ka àwọn eyín wọ̀nyí; bí ó bá kan àyè òfo, ó mọ ibi tí kíránkì dé, ó mọ ìgbà tí yóò ta iná sí púlọ́ọ̀gì àti ìgbà tí yóò fọ́n epo. Onílù ni sẹ́ńsọ̀ kíránkì. Bí ìlù bá dákẹ́, oníjó kò mọ ẹsẹ̀ tí yóò gbé mọ́. Bí wáyà inú rẹ̀ bá sì ti gbó, ooru á mú kó fẹ̀, ibi tó ti sán á já. Bó bá tutù, á tún padà kanra. Ìdí nìyẹn tó fi ń kú nínú gosíló, tó sì ń jí lẹ́yìn ìsinmi.

Ẹ fọkàn sí ìsinmi yẹn, nítorí òun ló sọ ọ̀gá wa di wòlíì.

Mo gbé ọkọ̀ dé abẹ́ dóńgóyárò. Púlọ́ọ̀gì ló kọ́kọ́ fura sí. Wákàtí kan ààbọ̀ ló fi pààrọ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, nítorí ó ń sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù sí i. Ẹ́ńjìnnì tutù. Ó yí kọ́kọ́rọ́, ó jẹ. "Ẹ rí i bí, sà?" Mo rí i. Mo sanwó. Lọ́jọ́ kẹta ọkọ̀ kú sí Magboro. Ó kan fúẹ́ẹ̀lì pọ́ǹpù: a lọ sí Ládìpọ̀ láàárọ̀, a dé nírọ̀lẹ́. Ẹ́ńjìnnì tutù bí omi àmù. Ó yí kọ́kọ́rọ́, ó jẹ. "Ṣé mo wí fún yín?" Ó kan kọ́ìlì. Ó tutù, ó jẹ. Àrùn tó ń lọ fúnra rẹ̀ nígbàkígbà tí a bá jókòó dè é, oníṣègùn wo ni kò ní wò ó sàn? Bí ọ̀gá bá pààrọ̀ wáípà, ọkọ̀ náà á jẹ. Bí ó bá fi ọṣẹ fọ gíláàsì rẹ̀, á jẹ. Bí ó bá sùn, á jẹ. Ó sì sùn lóòótọ́, lọ́jọ́ tí a pààrọ̀ kọ́ìlì, ó hanrun, ó jí, ó yí kọ́kọ́rọ́, ọkọ̀ jẹ, ó gbowó.

Ohun tó ń dùn mí nìyí: kò purọ́ fún mi. Òpùrọ́ mọ ilé òtítọ́, ó kàn ń gba ẹ̀yìnkùlé rẹ̀ kọjá ni. Ọ̀gá yìí kò béèrè ilé náà rí. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló rí i tí ọkọ̀ kú tó sì jí, kò bi ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan péré pé kí ló fà á tó fi jẹ́ pé ìgbà tó bá gbóná ló ń kú.

Pọ́ǹpù àtijọ́ mi, tí kò ṣe ohunkóhun, ńkọ́? "Ìdọ̀tí ni, sà, ẹ fi í sílẹ̀ fún àwọn ọmọ." Lọ́sẹ̀ kejì mo bá a níbi tó ti ń fi kẹrosíìnì fọ nǹkan kan tó jọ ọ́ bí ìbejì. Obìnrin kan jókòó sórí àga àlejò. Ọ̀gá ń sọ fún un pé tòkunbọ̀ gidi ni, kí wọ́n dán an wò ná.

Ẹ má sì rò pé ẹ̀rọ ló máa gbà yín. Láti orí ọkọ̀ ọdún 1996 ni òfin Amẹ́ríkà ti sọ ọ́ di dandan pé kí ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ tuntun tí wọ́n ń tà níbẹ̀ ní ihò kan tí a ń ki ẹ̀rọ àyẹ̀wò bọ̀. Ihò yẹn bá àwọn tòkunbọ̀ wa sọdá òkun. Ọ̀gá náà ti ra ẹ̀rọ síkáánì tirẹ̀. Ó ki í bọ Corolla mi, P0335 jáde. Nọ́ńbà yẹn ń wí pé ìròyìn tó yẹ kó ti ọ̀dọ̀ sẹ́ńsọ̀ kíránkì wá kò dé bó ṣe yẹ: sẹ́ńsọ̀ lè ti bàjẹ́, wáyà lè já, ẹnu ibi tí wọ́n ti kanra lè ti dípẹtà. Ibẹ̀ ni wíwá ti ń bẹ̀rẹ̀. Ọ̀gá wo nọ́ńbà náà bí ẹni ń wo tẹ́tẹ́, ó ní, "Bíréènìbọ́ọ̀sì ni. Ẹ jẹ́ ká dán an wò ná." Ó tẹ bọ́tìnnì, ó pa nọ́ńbà rẹ́, iná ẹ́ńjìnnì kú lójú dáṣíbọ́ọ̀dù, ó rẹ́rìn-ín bí ẹni tó pa ejò.

Ọmọ iṣẹ́ kan wà lábẹ́ igi náà, kò lè ju ọdún 15 lọ. Lọ́jọ́ tí ọkọ̀ kú lójú wọn gan-an, tí ooru ń jáde lábẹ́ bọ́nẹ́ẹ̀tì, ọmọ náà ń wo dáṣíbọ́ọ̀dù bí ọ̀gá ṣe ń yí kọ́kọ́rọ́. Ó ní, "Ọ̀gá, ọwọ́ RPM kò dìde rárá." Ẹ́ńjìnnì ń yí, ọwọ́ tó yẹ kó máa ka ìyípo rẹ̀ sì sùn sórí òfo. Gbogbo ọ̀rọ̀ náà nìyẹn, ọmọdé ti sọ ọ́ tán. Ọ̀gá dá a lóhùn pé, "Ta ló bi ọ́?"

Nígbà tí ọ̀gá lọ dáhùn fóònù, ọmọ náà wọ abẹ́ ọkọ̀. Ó fi eyín já etí píọ̀ wọ́tà kan, ó rọra ń da á lé sẹ́ńsọ̀ náà lórí títí tó fi tutù. "Dádì, ẹ yí i." Mo yí i, ó jẹ. Ìyókù ẹ́ńjìnnì ṣì gbóná o, kò sẹ́ni tó sùn, kò sẹ́ni tó lọ sí Ládìpọ̀. Omi tí kò tó kóńgò kan sọ ohun tí púlọ́ọ̀gì, pọ́ǹpù àti kọ́ìlì kò lè sọ. Ọmọ náà kò dúró síbẹ̀. Ó yá mítà lọ́wọ́ riwáyà òdìkejì, ó wọn sẹ́ńsọ̀ náà: nígbà tó tutù, mítà ka nǹkan, nígbà tó tún gbóná, mítà ní ọ̀nà ti já. Ó tọ wáyà rẹ̀ dé bíréènìbọ́ọ̀sì, ó dá wáyà láre. Ìyẹn ni ìdánwò.

Pípààrọ̀ rẹ̀ kò tó ohun tí a ń pìtàn. Ó yọ ẹnu bátìrì, ó fa ẹnu wáyà jáde, ó fi sípánà 10 tú bóòtù kan, ó yọ ti àtijọ́, ó fi ọ́ìlì pa òrùka rọ́bà ti tuntun, ó tì í wọlé títí ó fi jókòó, ó dè é. Ọkùnrin tó ń jẹ mọ́ínmọ́ín lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa kò tíì tú ewé kejì. Ọkọ̀ náà kò kú mọ́.

Mo ti ń rẹ́rìn-ín bọ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ láìrẹ́rìn-ín. Láti ọdún 1978 tí ìjọba Ọbásanjọ́ ti ṣí ọ̀nà yìí, tírélà àti táńkà epo ni wọ́n ń jọba lórí rẹ̀. Ọkọ̀ tó kú láàárín rẹ̀ lóru, tí kò níná, ibojì tó ṣílẹ̀kùn ni. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni ọkùnrin yẹn gbowó mi, tó sọ pé ó ti tán, tó sì rán mi padà síwájú tírélà. Ẹ̀mí mi ló fi ń dán nǹkan wò. Èmi kò mọ orúkọ mìíràn tí à ń pè é bí kò ṣe ìkà.

Ọmọ yẹn ti ṣe fírídọ́ọ̀mù, ó ti ní igi tirẹ̀ lápá Mowe. Ọkọ̀ mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n láìpẹ́ yìí, mo sì fi ìdùnnú wà á lọ bá a. Ó yọ síkáánì àti mítà jáde nínú aṣọ tó mọ́. Ó ní, "Dádì, ẹgbẹ̀rún 10 ni owó àyẹ̀wò. Bí mo bá rí ohun tó ń ṣe é, a ó wá sọ owó iṣẹ́."

Mo ní, "Owó kí ni? O kò tíì tú nǹkan kan! Wíwò lásán lo fẹ́ gbowó lé?"

Èmi tó ra púlọ́ọ̀gì mẹ́rin, pọ́ǹpù kan àti kọ́ìlì láìwúkọ́, nítorí pé inú ọ̀rá ni wọ́n kó wọn wá, mo sì rí wọn dì mú.

Ọmọ náà wò mí fún ìgbà díẹ̀. Kò bínú. Ó di mítà rẹ̀ padà sínú aṣọ. Ó mú àkísà, ó nu ọwọ́, ó dẹ etí sí ẹ́ńjìnnì, ó wo ojú ọ̀run, ohùn rẹ̀ sì rọ̀.

"Kò burú, sà. Fúẹ́ẹ̀lì pọ́ǹpù ni mo fura sí. Ẹ jẹ́ ká dán an wò ná."