Kọ̀ndọ́ Ọkọ̀ Dókítà

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà nínú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ, ẹ kú sùúrù. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń din dòdò lọ́wọ́, ẹ fetí sílẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ ó jóná, mi ò ní san owó epo fún ẹnikẹ́ni.

Ọ̀rọ̀ TARDIS ni mo gbé dé lónìí. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń wo Doctor Who, eré BBC yẹn, ẹ ti mọ̀ ọ́n. Ẹ̀yin tí ẹ ò mọ̀ ọ́n, ẹ bi àwọn ọmọ yín. Àpótí búlúù ni, irú èyí tí àwọn ọlọ́pàá Lọ́ńdọ̀nù ń lò fún tẹlifóònù láyé ọjọ́un. Tẹ́ ẹ bá wò ó lóde, ẹni mẹ́ta ò lè dúró sínú rẹ̀ kí ìjà má dé. Ẹ ṣílẹ̀kùn wò: gbọ̀ngàn, ọ̀dẹ̀dẹ̀, yàrá ìkàwé, odò ìlúwẹ̀ẹ́! Ó ń lọ sáyé àná, ó ń lọ sáyé ọ̀la, ó ń ya ìràwọ̀ kiri. Dókítà ni wọ́n ń pe ẹni tó ń wà á, àmọ́ ẹ má gbé ọmọ tí ibà ń ṣe lọ bá a.

Ó yẹ kí ọkọ̀ náà máa paradà níbikíbi tó bá balẹ̀ sí. Ẹ̀rọ ìparadà yẹn ló kọṣẹ́ sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1963, tí ọkọ̀ fi di àpótí ọlọ́pàá dòní. Ẹni tó lè lọ kí ọba Róòmù nílé kò rí ẹni bá a tún un ṣe. Àfàìmọ̀ kó má jẹ́ mẹkáníìkì tèmi ló ń lò.

Ohun tó ń pa mí lẹ́rìn-ín jù ni pé ọkọ̀ yẹn ò ní kọ̀ndọ́. Àbí irú ọkọ̀ èrò wo nìyẹn? Mo ti bá a gba ọ̀kan láti Òṣòdì. Ẹ gbọ́ ọ:

“1963! 1963! Róòmù, ayé ọ̀la, ẹsẹ̀ kan! Wọlé pẹ̀lú ṣéńjì ẹ o! Màmá, ẹ wọlé, ẹ má wo ìta, inú ni kẹ́ ẹ wò. Mẹ́rin-mẹ́rin la ń jókòó. Kí lẹ wí? Gbọ̀ngàn ni? Ta ló bi yín ní gbọ̀ngàn? Mo ní mẹ́rin-mẹ́rin! Ẹ̀gbọ́n, ẹ sún wọlé, àyè ṣì wà lẹ́yìn yín, ó tó máìlì méjì. Owó dà? Ẹgbẹ̀rún kan? Mi ò ní ṣéńjì. Mo ti so ẹ̀yin àti bùrọ̀dá yìí pọ̀. Ẹ̀yin ń sọ̀ ní 1963, bùrọ̀dá ń sọ̀ ní 2300, ẹ lọ yanjú ara yín! Ìwọ Dàlẹ́kì, ọ̀tá Dókítà, owó èèyàn méjì ni wàá san, o ti fi irin dí ọ̀nà. Má pariwo pé o fẹ́ pa gbogbo wa. Gbogbo wa la fẹ́ pa ara wa níbí, owó mi ni kó o mú wá! Ó wà o! Dírẹ́bà, bọ́ọ̀lẹ̀ wà o! Màmá, ẹsẹ̀ òsì ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ gbé, ọdún yẹn ń yọ̀!”

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ n mumi.

Ìró tí ọkọ̀ yẹn ń mú jáde tó bá ń gbéra ńkọ́? Brian Hodgson ti BBC ló ṣe é. Kọ́kọ́rọ́ ilé ìyá rẹ̀ ló mú, ó fi ń ha okùn dùùrù àtijọ́ kan. Ká ní ìyá tèmi ni, igbe tí mo bá ké ni wọn ì bá gbà sílẹ̀.

Ọkọ̀ náà ti dé Èkó o. Ní oṣù Karùn-ún 2025, Inua Ellams, ẹni tí wọ́n bí sí Jos, ló kọ ọ́ wọlé, ní apá kan tó pè ní The Story & the Engine. Ṣọ́ọ̀bù bábà ni Dókítà yà sí, àlọ́ tí àwọn oníbàárà ń pa tí wọ́n bá ń gẹrun ló sì ń mú ẹ́ńjìnnì ṣiṣẹ́. Ìyẹn ò yà mí lẹ́nu. Ẹni tó bá ti jókòó sí bábà lọ́jọ́ Sátidé mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ibẹ̀ tó ó gbé jẹnẹrétọ̀.

Mo dárúkọ Jos, ẹ jẹ́ n dúró síbẹ̀. BBC alára ló pa ọ̀pọ̀ eré Doctor Who àtijọ́ rẹ́. Wọ́n ń fẹ́ lo tẹ́ẹ̀pù fún nǹkan mìíràn, wọ́n sì da àwọn fíìmù rẹ̀ nù. Ìgbà tí wọ́n dé orí àbámọ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí wá a káyé. Ní 2013 ni wọ́n kéde pé Philip Morris ti rí mẹ́sàn-án nínú èyí tó sọnù, àwọn eré 1967 àti 1968, ní yàrá ìkẹ́rùsí tẹlifíṣọ̀n kan ní Jos níbí. Ẹni tó ni ọkọ̀ tó ń padà sáyé àná, ọ̀dọ̀ wa ló ti wá rí àná ara rẹ̀!

Ẹ má tíì pàtẹ́wọ́. Ti Òyìnbó la bá a tọ́jú. Tiwa dà?

1959 ni tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ n'Ìbàdàn, ọdún mẹ́rin kí Doctor Who tó dáyé. Baba Sala àti ẹgbẹ́ Aláwàdà rẹ̀ ṣeré níbẹ̀, gbogbo àdúgbò á kó jọ síwájú tẹlifíṣọ̀n ẹnì kan. Eré wọ̀nyẹn, mélòó lẹ lè gbé jáde fún mi lónìí? Mo lọ sí ilé iṣẹ́ kan, mi ò ní dárúkọ wọn, mo béèrè eré àtijọ́ kan ṣoṣo. Ọ̀gá yẹn ò tilẹ̀ gbójú sókè: “Ẹ̀n-ẹ́n, a ti gba nǹkan mìíràn lé e.” Kí lẹ gbà lé e, sà? “Ọjọ́ìbí alága wa.”

Ọjọ́ìbí alága! Ẹ fi àkàrà òyìnbó pa iṣẹ́ àgbà rẹ́! Èyí tẹ́ ẹ ò sì pa rẹ́, ẹ dà á síta, wọ́n fa okùn inú rẹ̀ yọ, wọ́n ta á sóko ìrẹsì láti fi lé ẹyẹ. Iṣẹ́ tí bàbá kan fi ẹ̀jẹ̀ àti òógùn ṣe, ẹ̀ga ló ń wò ó!

Ẹ má sọ fún mi pé kò sówó. Fíìmù ń fẹ́ ibi tútù, yàrá tẹ́ ẹ kó o sí sì ń gbóná bí ààrò. Ọ́fíìsì ọ̀gá ńkọ́? Mo débẹ̀, eyín mi ń gbọ̀n. AC méjì ló ń fẹ́ sí ọkùnrin kan ṣoṣo lára, ó tún wọ kóòtù. Sà, ẹ yọ ọ̀kan fún Baba Sala. Lọ́la, kí ẹ tó mu tíì.