Bẹ́ẹ̀ni-Bẹ́ẹ̀kọ́

Aristotle ní ohun kan kò lè rí bẹ́ẹ̀, kó má sì rí bẹ́ẹ̀, lẹ́ẹ̀kan náà. Kò wọ dánfó Ìkọ̀tún rí ni. Kọ̀ńdọ́ ń pariwo, "Ó ku ẹnì kan!" Ẹ wọlé, àyè mẹ́rin ṣófo. Irọ́ kọ́ o: ẹnì kan ló kù, lẹ́yìn ẹni mẹ́ta.

Mo ti dá ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ tèmi sílẹ̀ ní Gowon Estate: Bẹ́ẹ̀ni-Bẹ́ẹ̀kọ́. Ẹ̀rí pọ̀ níbí. Wọ́n gbàjọba lọ́wọ́ Yakubu Gowon ní July 1975, síbẹ̀ láràárọ̀ làwọn kọ̀ńdọ́ ń kígbe orúkọ rẹ̀, wọ́n sì ń gbowó lé e. Iná wà, iná ò sí: wáyà ń bẹ lórí òpó, jẹnẹrétọ̀ ń ké lẹ́yìn ilé.

Ní 1987, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ kan, Graham Priest, kọ odindi ìwé pé ìtakora mìíràn jẹ́ òótọ́. Àwọn baba wa ò kọ̀wé. Wọ́n kàn ní tibi tire la dá ilé ayé.

Ìyàwó mi ni akẹ́kọ̀ọ́ mi àkọ́kọ́. Ó bi mí lánàá: "Bàbá Ìbejì, ṣé ẹ ti pọnmi?"

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ni, bẹ́ẹ̀kọ́."

Ó rẹ́rìn-ín. "Oúnjẹ yín náà wà lórí tábìlì, kò sì sí níbẹ̀."