Ìjàpá àti Ẹran Tó Ń Sáré Nígbà Tí Nẹ́tíwọ̀kì Ò Sí

Ààlọ́ o!

Ààlọ̀!

Àlọ́ mi dá fìrìgbágbòó, ó dá lórí Ìjàpá tìrókò ọkọ Yánníbo, ó tún dá lórí Bàbá Ìgbín tó ń wá owó ìfẹ̀yìntì.

Ní ìlú àwọn ẹranko, nígbà tí iná mànàmáná ti wọ̀lú, tó ń wá tó ń lọ bó ṣe wù ú, Kìnnìún ọba ní òun ò fẹ́ rí bébà mọ́ nínú iṣẹ́ ìjọba. Ó ní kí wọ́n kó gbogbo fáìlì dànù, kọ̀ǹpútà ni kí wọ́n máa lò. Inú Eku bà jẹ́, nítorí fáìlì ni oúnjẹ rẹ̀, ṣùgbọ́n ta ni yóò bá ọba jiyàn? Ilé-iṣẹ́ Owó Ìfẹ̀yìntì ni wọ́n ti kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀. Wọ́n gbé láptọ́ọ̀pù kan síbẹ̀, wọ́n fa wáyà íntánẹ́ẹ̀tì wọlé, wọ́n wá ń wá ẹni tí yóò jókòó tì í.

Ìjàpá ní òun mọ̀ ọ́n lò. Wọ́n ní, "Ta ló kọ́ ọ?" Ó ní, "Èmi tí mo gbé odidi ilé sẹ́yìn kiri láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi, ohun alágbèéká wo ló kù tí mi ò ní mọ̀?" Ni wọ́n bá gbà á síṣẹ́.

Iṣẹ́ ọ̀hún ò le. Àwọn òṣìṣẹ́fẹ̀yìntì á wá síwájú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, á wo ojú wọn, á tẹ orúkọ wọn, á fi ránṣẹ́ sí ààfin pé wọn ò tíì kú. Owó á sì jáde. Ọ̀sẹ̀ kìíní, ó ń lọ geere. Ọ̀sẹ̀ kejì, lọ́sàn-án ọjọ́ kan, nẹ́tíwọ̀kì lọ lóòótọ́.

Ojú láptọ́ọ̀pù funfun báláú. Ẹran kékeré kan dúró síbẹ̀, orí rẹ̀ tóbi, ọwọ́ rẹ̀ rí wíńníwíńní bí ọwọ́ ọmọ tuntun, kò mira. Ìjàpá fi ìbínú gbá bọ́tìnnì gbọọrọ tó wà nísàlẹ̀ pátápátá. Háà! Ẹran fò! Ó balẹ̀, ó kì í mọ́lẹ̀, ó ń sáré lọ nínú aṣálẹ̀. Igi ẹlẹ́gùn-ún kan tó dà bí oró ń bọ̀ níwájú, Ìjàpá ò tètè mọ̀, ẹran forí gbá a, eré parí. Ó tún gbá bọ́tìnnì. Ó fo igi kan, ó fo méjì tó so pọ̀, ó kọsẹ̀ lára mẹ́ta. Ó tún un gbá. Nígbà tí òǹkà tó wà lókè pé 100, láptọ́ọ̀pù ké pín! òǹkà náà sì ń ṣẹ́jú sí i. Orí Ìjàpá wú. Láti ọjọ́ tó ti dáyé, kò sẹ́ni tó pàtẹ́wọ́ fún un rí, àfi ẹ̀rọ yìí.

Lágogo mẹ́rin, nẹ́tíwọ̀kì dé. Gbogbo ilé-iṣẹ́ hó yèè. Ìjàpá nìkan ni ojú rẹ̀ fà ro.

Lọ́jọ́ kejì, ó ń retí kí nẹ́tíwọ̀kì lọ. Nẹ́tíwọ̀kì tí í lọ nígbà tí kò sẹ́ni tó lé e, kọ̀, kò lọ. Títí di agogo mẹ́wàá, kò lọ. Ìjàpá wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó bẹ̀rẹ̀ wọ abẹ́ tábìlì, ó fa wáyà yọ. Nígbà tó dìde, ẹran rẹ̀ ti ń dúró dè é.

Ìgbà yẹn ni Bàbá Ìgbín wọlé. Ọdún 35 ni baba yìí fi ṣe ìránṣẹ́ nílé-iṣẹ́ ìfìwéránṣẹ́, kó tó fẹ̀yìn tì. Lẹ́tà kan wà tó ṣì ń gbé lọ títí dòní, ṣùgbọ́n ìyẹn kọ́ la ń sọ. Ọjọ́ mẹ́ta ló fi rìn dé ibẹ̀. Ìyá Àgùntàn tó ṣe nọ́ọ̀sì wà lẹ́yìn rẹ̀, Bàbá Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ tó ru ẹrù nílé-iṣẹ́ rélùwéè títí ẹ̀yìn rẹ̀ fi tẹ̀ náà wà níbẹ̀.

"Ẹ káàárọ̀ o, ọmọ mi."

Ìjàpá ò gbójú sókè. "Ẹ káàárọ̀, sà. Nẹ́tíwọ̀kì ò sí. Ẹ padà wá lọ́la."

"Lọ́la kẹ̀? Ọ̀nà mi jìn, ọmọ mi."

"Ẹ má bínú, Bàbá. Kì í ṣe ọwọ́ mi, ọwọ́ nẹ́tíwọ̀kì ni."

Ni wọ́n bá jókòó sẹ́nu ọ̀nà, pé bóyá nẹ́tíwọ̀kì á ṣàánú wọn. Ìjàpá wá ń fi ohùn ìsàlẹ̀ kọrin fún ẹran rẹ̀. Ẹ bá mi gbè é:

Lílé: Nẹ́tíwọ̀kì ti lọ o,
Ègbè: Fò ó, ẹran mi, fò ó!
Lílé: Ẹ̀gún ń bẹ níwájú o,
Ègbè: Fò ó, ẹran mi, fò ó!
Lílé: Arúgbó jókòó sẹ́nu ọ̀nà,
Ègbè: Fò ó, ẹran mi, fò ó!
Lílé: Lọ́la ni wọn ó padà wá o,
Ègbè: Fò ó, ẹran mi, fò ó!

Láptọ́ọ̀pù ké pín! Ìyá Àgùntàn ta etí. "Ọmọ mi, kí ló ké yẹn?"

"Ẹ̀rọ ló ń wá nẹ́tíwọ̀kì kiri, Mà. Bẹ́ ẹ bá ti gbọ́ pín báyìí, ó ti ń sún mọ́ ọn nìyẹn."

Ara àwọn arúgbó yá gágá. Láti ọjọ́ náà, bí láptọ́ọ̀pù bá ti ké pín, gbogbo wọn á dáhùn lẹ́ẹ̀kan náà, "Àṣẹ!" Bí ó bá sì pẹ́ kó tó ké, Ìyá Àgùntàn á bẹ̀rẹ̀ àdúrà.

Ọjọ́ ń gorí ọjọ́. Ní ọjọ́ kẹsàn-án, Bàbá Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ò wá. Ọmọ rẹ̀ ló wá, ó ní baba ti dákẹ́, oògùn ló tán nílé. Ìjàpá ní, "Ẹ kú àṣẹ̀yìndè. Ṣùgbọ́n nẹ́tíwọ̀kì ò sí tí a ó fi yọ orúkọ wọn. Ẹ padà wá lọ́la."

Ọ̀rọ̀ yìí wọ Bàbá Ìgbín lára. Kò sọ nǹkan kan. Ẹni tó bá ń rìn bíi tirẹ̀, ó ní àyè láti fi ka nǹkan. Ó ti ń ka pín ọ̀hún láti ọjọ́ kìíní. Ó ti rí i pé bó bá ti ké lẹ́ẹ̀meje, ìmọ́lẹ̀ funfun tó máa ń tàn láyà Ìjàpá á ṣú lójijì. Baba ní lọ́kàn ara rẹ̀ pé, "Nẹ́tíwọ̀kì wo ló ń wá kiri tí ilẹ̀ fi ń ṣú bá a lọ́nà lọ́sàn-án gangan?"

Ó bá fà mọ́ ògiri. Ó ń gùn ún díẹ̀díẹ̀, kò dún, kò mì. Ó dé òkè orí Ìjàpá, ó na ojú rẹ̀ méjèèjì jáde gbọọrọ, ó bojú wolẹ̀. Ó rí ẹran tó ń sá nínú òru. Ó rí ẹyẹ kan tó ń fò bọ̀ wá pàdé rẹ̀. Ó yí ojú kan sí abẹ́ tábìlì, ó rí wáyà tó wà nílẹ̀ gbalaja bí ejò tó kú. Ó ránṣẹ́ sí ààfin, Ehoro ló rán. Kò rán ara rẹ̀, nítorí ọ̀rọ̀ náà gba kánjúkánjú.

Kìnnìún dé, Ọ̀bọ tó mọ̀ nípa kọ̀ǹpútà tẹ̀ lé e. Gbogbo ilé-iṣẹ́ dọ̀bálẹ̀. Ìjàpá nìkan ni kò mọ̀, nítorí òǹkà rẹ̀ ti lé ní 1,200. Kábíyèsí dúró síwájú tábìlì, ó wúkọ́.

Ìjàpá ní, "Nẹ́tíwọ̀kì ò sí. Ẹ padà wá lọ́la."

"Lọ́la wo?"

Ìjàpá mọ ohùn náà. Ọwọ́ rẹ̀ yẹ̀ lórí bọ́tìnnì, ẹran forí gbági. "Háà! Kábíyèsí! Ó kù díẹ̀ kí n bá nẹ́tíwọ̀kì! Ẹ jẹ́ kí n parí ẹyọ kan yìí!"

Ọ̀bọ rẹ́rìn-ín. "Kábíyèsí, kì í parí. Ẹran tí ẹ ń wò yìí, dáínósọ̀ ni, ó ti run kí ìran ìran wa tó dáyé. Àwọn òṣìṣẹ́ Google mẹ́ta, Sebastien Gabriel, Alan Bettes àti Edward Jung, ló fi í pamọ́ sínú Chrome ní 2014. Wọ́n fi ń ṣẹ̀fẹ̀ ni, pé ẹni tí kò bá ní íntánẹ́ẹ̀tì ti padà sí ayé àwọn dáínósọ̀. Wọ́n ní kí olúwarẹ̀ máa fi ṣeré títí nẹ́tíwọ̀kì yóò fi dé. Àwọn tó ṣe é sọ pé ó tó mílíọ̀nù 17 ọdún kí eré náà tó dé òpin."

Bàbá Ìgbín ní láti orí ògiri, "Lọ́la tó ń wí fún wa nìyẹn."

Ọ̀bọ ní, "Ní 2018, Google ní ìgbà mílíọ̀nù 270 ni wọ́n ń gbá a lóṣooṣù káàkiri ayé."

Kìnnìún wo Ìjàpá. "Mélòó ni tìẹ níbẹ̀?"

Ìjàpá ò fèsì. Ọ̀bọ bẹ̀rẹ̀, ó ki wáyà bọ ibi tó yẹ. Nẹ́tíwọ̀kì dé kíá. Ó wá tẹ chrome://dino sókè láptọ́ọ̀pù, ẹran náà tún yọ, ó dúró. "Kábíyèsí, ohun tó dùn mí jù rèé. Kò yẹ kó fa wáyà yọ rárá. Bí nẹ́tíwọ̀kì bá wà, èèyàn lè gbá a."

Ìyá Àgùntàn ní, "Ṣé pé à bá ti gba owó wa, kí òun náà sì máa fo igi rẹ̀ lọ?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà."

Gbogbo ilé pa rọ́rọ́. Ọmọ Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ wà láàárín wọn. Kò sẹ́ni tó lè wo ojú rẹ̀. Bàbá Ìgbín ló mú orin, ẹ gbè é:

Lílé: Ìjàpá, ọba dé o,
Ègbè: Fò ó, ọkọ Yánníbo, fò ó!
Lílé: Fèrèsé ṣí sílẹ̀ o,
Ègbè: Fò ó, ọkọ Yánníbo, fò ó!
Lílé: Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ò sí mọ́ o,
Ègbè: Fò ó, ọkọ Yánníbo, fò ó!

Ìjàpá fẹ́ fo fèrèsé lóòótọ́. Láyé ìgbà náà, ó máa ń fò bí ọ̀pọ̀lọ́. Ṣùgbọ́n ó ti jókòó pẹ́ jù. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti kú, ó ti ká wọnú. Ó gbéra díẹ̀, ó ṣubú gbì, ó da ẹ̀yìn délẹ̀, ó ń fi ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin gbá òfuurufú. Láti ọjọ́ náà ni Ìjàpá ò ti lè fò mọ́, tó jẹ́ pé bó bá da ẹ̀yìn délẹ̀, ó máa ń nira fún un kó tó yí padà. Kìnnìún lé e kúrò lẹ́nu iṣẹ́, kò sì rí owó ìfẹ̀yìntì gbà.

Ọba wá bi Ọ̀bọ, "Ṣé wọ́n lè dí géèmù yìí pa?"

"Wọ́n lè dí i pa, Kábíyèsí. Alábòójútó lè pa á lórí gbogbo kọ̀ǹpútà ilé-iṣẹ́. Ẹni tó bá gbá bọ́tìnnì, àwòrán òkúta ńlá tó ń já bọ̀ lójú ọ̀run sórí ẹran náà ni yóò rí."

"Ẹ dí i pa lórí gbogbo kọ̀ǹpútà ìjọba."

"Gbogbo rẹ̀, Kábíyèsí?"

Kìnnìún tún wúkọ́. "Ẹ fi ti ààfin sílẹ̀. A ó máa fi ṣèwádìí."

Bàbá Ìgbín gba owó rẹ̀. Ó ní òun ò ní ṣaláìmoore, ó kọrí sí ààfin láti lọ dúpẹ́. Ọjọ́ mẹ́fà ló fi rìn. Ẹ̀ṣọ́ dá a dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Kábíyèsí wà nípàdé. Ẹ padà wá lọ́la."

Láti inú yàrá ọba, nǹkan kan ké pín! Gbogbo ìjòyè tó wà lágbàlá dáhùn pé, "Kábíyèsí o!"

Bàbá Ìgbín sọ àpò rẹ̀ kalẹ̀. Ó ní, "Ẹyọ kan."

Ìdí àlọ́ mi rèé gbáńgbáláká, ìdí àlọ́ mi rèé gbàǹgbàlàkà. Ẹ̀yin ọmọ, eré ò burú, ẹni tó fi ṣe é fi dá aláìní nẹ́tíwọ̀kì lára yá ni. Ẹni tó fa wáyà yọ ló burú. Nítorí náà, bẹ́ ẹ bá dé ibi iṣẹ́ ìjọba tí wọ́n ní nẹ́tíwọ̀kì ò sí, ẹ má tíì bínú, ẹ má tíì padà sílé. Ẹ kọ́kọ́ dákẹ́, kí ẹ tẹ́tí sílẹ̀ dáadáa.

Bí mo bá purọ́, kí agogo ẹnu mi má ró. Ó di pó, pó, pó.