Ìjàpá Sọ Ọkọ̀ Rẹ̀ Di Ẹlẹ́sẹ̀ Mẹ́rin

Ààlọ́ o!

Ààlọ̀!

Àlọ́ mi dá fìrìgbagbóò, ó dá lórí Ìjàpá Tìrókò ọkọ Yánníbo, alága ẹgbẹ́ onílé ní Ajíbọ́dẹ.

Ní ìgbà kan, kì í ṣe ìgbà ìwáṣẹ̀ rárá, nítorí àwọn ẹranko ti ń ra tòkúnbọ̀ tó gba Kùtọnu wọlé nígbà náà, àwọn kan nínú wọn sá fún owó ilé Bódìjà àti Agbowó, wọ́n lọ ra ilẹ̀ sí Ajíbọ́dẹ, lẹ́yìn Yunifásítì Ìbàdàn, ní ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé. Ilẹ̀ dára níbẹ̀, atẹ́gùn ń fẹ́ yẹ́ẹ́. Ọ̀nà nìkan ni wọn kò rà mọ́ ọn. Láti etí títì dé àdúgbò wọn, ilẹ̀ pupa ni. Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, a kun aṣọ wọn bí osùn. Bí òjò bá rọ̀, a di ẹ̀kọ tí kò tíì dì. Òkè kan wà láàárín ọ̀nà náà tí àgbàrá ti gbẹ́ ní ipa méjì, tí òkìtì kan wá dá dúró láàárín ipa méjèèjì bí iké màlúù.

Àwọn àgbà inú wọn kò gbàgbé ọjọ́ 26 oṣù kẹjọ ọdún 2011, tí òjò ọjọ́ kan ṣoṣo sọ Ìbàdàn di odò, tí omi sì wọ ọgbà ẹranko Yunifásítì lọ bá àwọn ìbátan wọn nínú àgò. Ẹ̀rù àgbàrá ló jẹ́ kí wọ́n dá ẹgbẹ́ onílé sílẹ̀. Wọ́n fi Ìjàpá ṣe alága nítorí pé òun nìkan ni kì í pẹ́ dé ìpàdé tí wọ́n bá ṣe nílé alága, àti pé ibikíbi tó bá jókòó sí, ilé rẹ̀ náà ni. Ajá ni akápò. Ehoro ni akọ̀wé. Agboolé kọ̀ọ̀kan dá ₦10,000, wọ́n ní kí wọ́n fi la gọ́tà sí ẹ̀gbẹ́ òkè náà, kí wọ́n sì da òkúta sí ojú rẹ̀. Ehoro tilẹ̀ ti lọ bá àwọn onítipà ní Mọ́níyà dúnàá-dúrà.

Ọdún tí wọ́n dá owó yẹn náà ni Ìjàpá ra ọkọ̀. Toyota Matrix ni, ó funfun bí ẹ̀fun. (Ẹ má bi mí bí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe ń kan bíréèkì. Àlọ́ ni mo ń pa.) Irú èyí tí táyà iwájú ń fà ni. Lára ọkọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹ́ńjìnnì dùbúlẹ̀ ní ìbú níwájú, gíà bọ́kìsì lẹ̀ mọ́ ọn, ṣáàfù kúkúrú méjì jáde lára gíà, ọ̀kan kọrí sí táyà ọ̀tún, ọ̀kan sí tòsì. Táyà ẹ̀yìn kàn ń tẹ̀lé wọn ni, bí ọmọ tí ìyá fà lọ́wọ́ lọ sí ọjà. Lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú kò sí wàhálà, nítorí ẹ́ńjìnnì wúwo, orí táyà tó ń fà náà ló sì jókòó lé. Ṣùgbọ́n bí ọkọ̀ bá dojú kọ òkè, ẹrù a fì sẹ́yìn, iwájú a fúyẹ́, táyà a wá máa yí lásán.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Ìjàpá nìyẹn ní òwúrọ̀ Sátidé kan tí òun àti Yánníbo wọ aṣọ ẹbí, tí wọ́n ń lọ òde. Wọ́n dé àárín òkè, ọkọ̀ ní òun ò lọ mọ́. Táyà iwájú ń ta ẹrẹ̀ sára géètì àwọn aládùúgbò. Àwọn ọmọ Ẹtu dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọgbà, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Ìjàpá bá yọ orí lójú fèrèsé, ó dá orin:

Ẹsẹ̀ iwájú dá fà, kò ràn án
*Yí i gbirigbiri*
Òkè Ajíbọ́dẹ ń bú mi níṣojú aya
*Yí i gbirigbiri*
Ta ni yóò so tẹ̀yìn mọ́ ọn fún mi?
*Yí i gbirigbiri*
Kí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ó wọ agbo ijó
*Yí i gbirigbiri*

Ní ọjọ́ Ajé, ó ti wà lọ́dọ̀ Ọ̀bọ, mẹkáníìkì abẹ́ igi ọdán ní ọ̀nà Ṣáṣá.

“Ọ̀gá mẹkáníìkì, mo fẹ́ kí ẹ bá mi sọ ọkọ̀ yìí di fó-wíìlì.”

Ọ̀bọ yí ọkọ̀ náà po lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ó fi ìrù gbá a nídìí. Kò ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ rí, ṣùgbọ́n ẹ ti rí Ọ̀bọ tó sọ pé òun ò lè gun igi rí?

“Alága, bí ẹni ń mu ẹ̀kọ ni.”

Ayékòótọ́ wà lórí igi náà. Òrùlé ẹ̀ka ìmọ̀ ẹ̀rọ Yunifásítì ló máa ń sùn sí, gbogbo ohun tí wọ́n bá ń kọ́ àwọn ọmọ nísàlẹ̀ ló ń gbọ́, kò sì mọ bí wọ́n ṣe ń dákẹ́.

“Alága, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ tèmi. Toyota fúnra wọn ṣe Matrix tí táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń fà, ti ọdún 2003 sí 2006. Ẹ ta èyí, ẹ fowó lé e, ẹ ra ìyẹn.”

“Gbogbo ayé ni yóò wá máa sọ pé mo rà á bẹ́ẹ̀,” ni Ìjàpá dáhùn. “Mo fẹ́ kí wọ́n máa sọ pé èmi ni mo ṣe é. Ṣé àwọn Faransé kò ṣe é sí Peugeot 504 ni?”

“Wọ́n ṣe é. Dangel ni orúkọ ilé-iṣẹ́ náà, ọdún 1980 ni wọ́n gbé e jáde. Ṣùgbọ́n ẹ̀yìn ni 504 ti ń gba agbára láti ilẹ̀. 504 tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tò ní Kàdúná ní ọdún 1975, ṣé ẹ kò rí ọ̀pá irin gígùn tó gba abẹ́ rẹ̀ kọjá ni? Dangel bá ihò ọ̀pá náà nílẹ̀, iwájú ni wọ́n wá fi kún un. Wọ́n tún gbé gbogbo ọkọ̀ náà sókè kí ikùn rẹ̀ má bàa kan ilẹ̀. Tiyín, iwájú ló ń fà. Abẹ́ rẹ̀ kò ní ọ̀nà tí ọ̀pá lè gbà, ikùn rẹ̀ sì ti sún mọ́ ilẹ̀ bíi tiyín.”

Ìjàpá wo ikùn ara rẹ̀. Ó ní ẹyẹ tó bá sọ̀rọ̀ jù, ọbẹ̀ ni.

Owó ló kù. Ìjàpá lọ sọ́dọ̀ Ajá lóru, ó mú egungun ìtan màlúù dání. Ó ní, “Akápò, owó ojú ọ̀nà tó wà lọ́wọ́ yín, kí ni a dá a fún?” Ajá ní kí ọkọ̀ lè gòkè ni. “Ẹ kú làákàyè! Bí ọkọ̀ alága bá wá gòkè, ṣé àdúgbò kò tíì gòkè nìyẹn?” Ajá ń họ egungun lọ́wọ́, kò ráyè dáhùn. Bí owó gọ́tà ṣe kúrò nílé akápò nìyẹn.

Ọ̀bọ gba ọjà Géètì lọ, ọjà èlò ọkọ̀ tó wà ní Agodi. Ó ra dífù, ìyẹn ìkòkò irin tí eyín gíà kún inú rẹ̀, tó ń pín agbára sọ́tùn-ún sósì fún táyà ẹ̀yìn. Ó ra pọ̀pélà, ọ̀pá gígùn tí yóò gbé agbára láti iwájú lọ sẹ́yìn. Ó ra àpótí gíà kékeré tí wọn yóò so mọ́ gíà bọ́kìsì kó lè máa bu díẹ̀ nínú agbára fún pọ̀pélà. Ara ọkọ̀ mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n ti tú wọn. Ẹni tó tà wọ́n fún un ní, “Ọ̀gá, gbogbo wọn ló ń lọ.” Òótọ́ ló sọ. Kò sọ ibi tí wọ́n ń lọ.

Iṣẹ́ wá bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí wọ́n gbé Matrix sókè, wọ́n rí i pé kò sí àyè fún ohunkóhun lábẹ́ rẹ̀. Táńkì epo jókòó sí ibi tí pọ̀pélà yẹ kó gbà. Sáléńsà na tàntàn sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ihò sípíà táyà wà níbi tí dífù yóò jókòó sí. Irin tó so táyà ẹ̀yìn méjèèjì pọ̀, ìbú ló gbà dábùú abẹ́ ọkọ̀, kò sì ní ojú tí ṣáàfù lè gbà wọ inú táyà. Wọ́n tú táńkì. Wọ́n gé sáléńsà kúrú. Ìkàmùdù tó jẹ́ wẹ́dà fi iná la irin ilẹ̀ ọkọ̀ láti iwájú dé ẹ̀yìn, ó fi páànù bò ó bí ẹni rán àkísà. Wọ́n fa irin ẹ̀yìn yọ pátá, wọ́n jó òmíràn mọ́ ọn. Táńkì wá di kẹ́ẹ̀gì kan nínú búùtù. Yánníbo yọjú lọ́sẹ̀ kẹta, ó ní, “Baálé mi, ṣé ọkọ̀ wa lẹ̀ ń tún ṣe yìí, àbí ẹ ń pa á jẹ?”

Ohun kan tún wà tí Ayékòótọ́ kò dẹ́kun pípariwo rẹ̀, àwa náà ẹ jẹ́ ká dúró sí i díẹ̀. Ìwọ̀n tí gíà iwájú àti ti ẹ̀yìn fi ń dín yíyí kù gbọ́dọ̀ bára mu. Bí pọ̀pélà bá ní láti yí lẹ́ẹ̀mẹ́rin kí táyà tó yí lẹ́ẹ̀kan, kí ti iwájú náà jẹ́ mẹ́rin. Bí iwájú bá jẹ́ mẹ́rin tí ẹ̀yìn jẹ́ mẹ́rin ààbọ̀, iwájú á fẹ́ sáré, ẹ̀yìn á fẹ́ rọra. Nínú ẹrẹ̀, táyà á yọ̀, ìjà náà á parí síbẹ̀. Lórí ọ̀dà gbígbẹ, táyà kò ní yọ̀; ìjà á gòkè wọ inú gíà, irin á máa jẹ irin. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ní kí táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jẹ́ ìwọ̀n kan náà pẹ̀lú. Ti Ìjàpá, ìwọ̀n méjì ni: fọgánáísà ló ní èyí tó wà nílẹ̀ nìyẹn.

Ọjọ́ tí wọ́n gbé e jáde, wọ́n kọ́kọ́ gba títì Òjóò lọ. Tí ọkọ̀ bá ti fẹ́ yà ní kọ́nà, á kígbe “kẹ̀ù!” bí ewúrẹ́ tí wọ́n tẹ̀ nírù. Ọ̀bọ ní gírísì tuntun ló ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ìjàpá gbà á gbọ́. Ẹni tó ti ná owó ẹgbẹ́ kò ní ohun mìíràn tó lè gbà gbọ́.

Òjò wá rọ̀. Gbogbo àdúgbò jáde wá wòran. Kí n má purọ́, ọkọ̀ náà gòkè. Ó kọjá ibi tó ti há nígbà àkọ́kọ́, táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń gbá ilẹ̀, Ìjàpá tẹ họ́ọ̀nù bí ẹni ń gbé ìyàwó. Ó ku bí ìgbésẹ̀ ogún kó dé òkè pátápátá ni pọ̀pélà tí wọ́n so kọ́ sísàlẹ̀ bá fi orí sọ iké àárín ọ̀nà. Gbìì! Ikùn ọkọ̀ jókòó lé òkìtì, táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń yí nínú ẹrẹ̀ tó rọ̀ bí ọ̀gì. Bó ṣe ń tẹ̀ ẹ́ ni wọ́n ń wọlẹ̀. Àwọn ọmọ Ẹtu ló gba orin yìí lẹ́nu rẹ̀:

Mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ń jó, ọkọ̀ ò kúrò
*Yí i gbirigbiri*
Owó gọ́tà ń jó lábẹ́ alága
*Yí i gbirigbiri*
Ajá họ egungun, Ajá ò gbó
*Yí i gbirigbiri*
Ìjàpá, wá fi tìẹ rìn ká wò ó
*Yí i gbirigbiri*

Ìgbín ló kọ́kọ́ kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. “Alága, ẹ kú ìjókòó o. Èmi náà, ikùn ni mo fi ń rìn. Ṣùgbọ́n mo máa ń tu itọ́ síwájú kí n tó gbé e lélẹ̀.” Ó bá tirẹ̀ lọ. Ẹranko méjìlá so okùn mọ́ ọkọ̀ náà, wọ́n fà á, pọ̀pélà sì já sílẹ̀, ó kù sójú ọ̀nà.

Ní ìpàdé ọ̀sẹ̀ yẹn, Ehoro ka ìṣirò. Gọ́tà, òfo. Òkúta, òfo. Dífù, ó wà níbẹ̀. Wẹ́dà, ó wà níbẹ̀. Egungun ìtan kan, ó wà níbẹ̀. Ìjàpá dìde, ó tún agbádá ṣe.

“Ẹ̀yin ará àdúgbò, ta ló ní n kò ṣiṣẹ́ ojú ọ̀nà? Ẹ lọ wo orí òkè. Gọ́tà mẹ́rin ni ọkọ̀ mi gbẹ́ lọ́jọ́ kan ṣoṣo.”

Wọ́n yọ ọ́ nípò alága lọ́jọ́ náà, wọ́n yọ Ajá mọ́ ọn. Owó tó kù lọ́wọ́ kò tó la gọ́tà. Ehoro fi ra tipà òkúta kan, àwọn ọ̀dọ́ sì fi ọkọ́ tú iké ọ̀nà náà ká, wọ́n da òkúta sí ihò mẹ́rin tí alága gbẹ́. Ewúrẹ́ ló kọ́kọ́ gùn ún pẹ̀lú ọ̀kadà rẹ̀, ọ̀kadà tí táyà ẹ̀yìn kan ṣoṣo ń tì, ó gbé Àgùntàn àti àpò gàrí méjì sẹ́yìn.

Bí ẹ bá gba ọ̀nà Ṣáṣá kọjá láàárọ̀, ẹ wo abẹ́ igi ọdán. Matrix funfun náà wà lórí bíríkì níbẹ̀, Yánníbo ń ta ẹ̀kọ nínú búùtù rẹ̀. Kì í tà láwìn.