Oríkì Akadẹ́mì Lagado, Ọmọ A-fún-Kùkúńbà-Wá-Oòrùn

Akadẹ́mì Lagado, mo kí ọ o. Ọmọ a-fún-kùkúńbà-wá-oòrùn, ọmọ a-dé-ìgò-òfìfo-bí-ẹni-dé-oyin, òṣùpá ọ̀sán gangan tó ń bá oòrùn du ipò. Ilé tí yàrá rẹ̀ kò dín ní 500, tí ọlọ́gbọ́n kan ò ṣàìsí nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, síbẹ̀ tí ìtànṣán kan kò tíì tibẹ̀ jáde. Jonathan Swift, àlùfáà àgbà ní ìlú Dublin, ló fi ọ́ han ayé nínú ìwé Gulliver's Travels ní ọdún 1726, àwa kò sì tíì kì ọ́ tó. Bí wọ́n bá ń fi àwọn ilé tó ń wá ìmọ́lẹ̀ joyè, ìwọ ló yẹ kó kọ́kọ́ jókòó, nítorí ìwọ lo mọ bí a ti í fi ọdún gbọọrọ wá ohun tó ń ràn lójú fèrèsé ẹni.

Ta ni kò ní yin ọkùnrin tí Gulliver, arìnrìn-àjò inú ìwé náà, kọ́kọ́ bá nínú yàrá rẹ? Ó rù kan egungun, ojú àti ọwọ́ rẹ̀ dúdú fún èéfín, irun àti irùngbọ̀n rẹ̀ gùn jágbajàgba, iná sì ti wì í káàkiri. Aṣọ rẹ̀ àti awọ ara rẹ̀ ti di àwọ̀ kan náà. Ọdún 8 ló ti fi ń wá bí yóò ṣe yọ oòrùn kúrò nínú kùkúńbà, tí yóò dé e pa sínú ìgò, kí wọ́n lè máa tú u sílẹ̀ nígbà tí òtútù bá mú lásìkò ooru. Kò ṣiyèméjì rárá pé bí òun bá tún rí ọdún 8 mìíràn, oòrùn yóò dé ọgbà gómìnà ní owó pọ́ọ́kú. Kí ọ̀rọ̀ náà tó tutù lẹ́nu rẹ̀, ó ti na ọwọ́: kí àlejò fún òun ní nǹkan, torí kùkúńbà wọ́n lọ́dún náà. Nínú gbogbo àlàyé yìí, kò ṣí ìgò kan ṣoṣo. Ìyẹn gan-an ni adé orí rẹ, Akadẹ́mì. O mọ̀ pé ìgò tí a kò ṣí kì í dójú ti ẹni tó dé e.

Iṣẹ́ rẹ kò sì mọ sínú yàrá. Àwọn tó dá ọ sílẹ̀ gòkè lọ sí Laputa, erékùṣù tó ń fò lófuurufú, wọ́n lo oṣù 5, wọ́n kó ìṣirò díẹ̀ bọ̀, wọ́n ní àwọn yóò tún iṣẹ́ àgbẹ̀ àti ilé kíkọ́ ṣe. Ìlú gbọ́ràn sí ọ lẹ́nu: oko dahoro, ilé wó, àkísà di aṣọ. Olóyè Munodi, tó ń ṣe é bí àwọn baba rẹ̀ ti í ṣe é, ni oko tirẹ̀ tutù yọ̀yọ̀. Ó ní ọlọ kan tí omi odò ń yí nítòsí ilé rẹ̀. O ní kó wó o, kó kọ́ òmíràn sára òkè, kí wọ́n wá máa fa omi gòkè lọ bá a. Òṣìṣẹ́ 100 ṣe é fún ọdún 2, ó já sí asán, àwọn ọmọ rẹ sì dá Munodi lẹ́bi. Aṣiwèrè lásán, ilé ara rẹ̀ ló ń bà jẹ́. Ọ̀jọ̀gbọ́n ni í ba ti ẹlòmíràn jẹ́, tí yóò tún máa retí ẹ̀bẹ̀.

Ẹnìkan lè ní mo ń ṣàbòsí, pé oòrùn wà nínú kùkúńbà lóòótọ́. Bẹ́ẹ̀ ni. Láti ìgbà tí Jan Ingenhousz ti gbé ìwádìí rẹ̀ jáde ní 1779 ni a ti mọ̀ pé ewé tútù kò lè ṣe iṣẹ́ rẹ̀ láìsí ìmọ́lẹ̀. Oòrùn ni ewé fi ń se oúnjẹ. Ṣùgbọ́n nínú ìwọ̀n 100, nǹkan bí 95 nínú kùkúńbà ló jẹ́ omi. Ìwọ̀nba agbára tó kù níbẹ̀ ni à ń rí nígbà tí a bá jẹ ẹ́. Ẹni tó gé e wẹ́wẹ́ sínú sàláàdì ti yọ oòrùn inú rẹ̀ kí oúnjẹ ọ̀sán tó parí, kò sì tọrọ kọ́bọ̀ lọ́wọ́ àlejò.

Ẹlòmíràn á ní sùúrù ni baba ìwà, pé ìwádìí ńlá a máa jọ wèrè níbẹ̀rẹ̀. Sùúrù kọ́ ni mò ń bá wí. Ibn al-Haytham fi ọdún púpọ̀ wádìí ìmọ́lẹ̀ ní Cairo ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn. Ó to àtùpà síwájú ihò kékeré kan, ìmọ́lẹ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan sì hàn lára ògiri nínú òkùnkùn. Ó bo àtùpà kan, ìmọ́lẹ̀ tirẹ̀ nìkan ló parẹ́. Isaac Newton náà fi gíláàsì onígun mẹ́ta pín ìtànṣán oòrùn sí oríṣiríṣi àwọ̀. Ó tún mú àwọ̀ kan ṣoṣo gba gíláàsì kejì kọjá, àwọ̀ náà kò yí padà. Ó tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1672, kí ẹni tí kò bá gbà lè dán an wò fúnra rẹ̀. Àwọn wọ̀nyí ṣí ìgò tiwọn lójú gbogbo ayé. Ìdí nìyẹn tí wọn kò fi lè bá ọ du oyè, Akadẹ́mì.

Bí wọ́n bá sì ní ìtàn àròsọ lásán ni ọ́, mo gbà. Ṣùgbọ́n ọdún 1720 ni òwò ìpín ilé-iṣẹ́ South Sea fọ́ ní London, tí ìlérí dídùn gba owó ọlọ́wọ́ lọ, ọdún 6 lẹ́yìn náà ni ìwé Swift jáde. Ilé náà ni àròsọ, àwọn tó ń dé ìgò kì í ṣe àròsọ. Nítorí náà, ẹ̀yin òǹkàwé, bí ẹnikẹ́ni bá wá tọrọ ọdún 8 sí i lọ́wọ́ yín, tó ní kùkúńbà ti wọ́n, ẹ má bú u. Ẹ kí i tọ̀wọ̀-tọ̀wọ̀, ẹ kì í títí orí rẹ̀ yóò fi wú, kí ẹ wá ní kó ṣí ìgò kan.