Títajà Pẹ̀lú Ímeèlì Ojoojúmọ́

Ẹni tó fẹ́ fi ímeèlì tajà yóò kọ́kọ́ gba àdírẹ́sì lọ́wọ́ àwọn tó fínnúfíndọ̀ fún un. Gary Thuerk ò dúró gba àṣẹ ní tirẹ̀. Lóṣù karùn-ún ọdún 1978, ó fi ìpolówó kọ̀ǹpútà ilé-iṣẹ́ Digital Equipment Corporation ránṣẹ́ sí nǹkan bí 400 ènìyàn ní Amẹ́ríkà. Àdírẹ́sì pọ̀ débi pé àyè wọn kò gbà wọ́n, ìyókù ya wọ inú lẹ́tà gan-an. Wọ́n bú u dáadáa, àmọ́ ọjà tà.

Ẹni tó ń kọ̀wé lójoojúmọ́ kò lè máa fojoojúmọ́ sọ pé ọjà dé. Ìtàn ara rẹ̀ ló máa ń sọ, á wá dárúkọ ọjà nísàlẹ̀. Ibẹ̀ lẹsẹ̀ ti máa ń yọ̀. Òǹkọ̀wé kan, aláṣọ àdìrẹ, fi ọbẹ̀ ẹ̀gúsí tí ìyàwó rẹ̀ jó mọ́ ìkòkò dápàárá, láì rántí pé ìyá ìyàwó wà lára àwọn oníbàárà. Èsì dé kílẹ̀ tó ṣú: “Àna mi, ṣé ọbẹ̀ jíjó náà lẹ jẹ tí ikùn yín fi rí báyẹn?” Síbẹ̀, aṣọ tà lọ́jọ́ náà. Àwọn tó rà á ló ń béèrè ibi tọ́rọ̀ ọbẹ̀ parí sí.

Ẹ̀rọ tó ń pín lẹ́tà náà ní wàhálà tirẹ̀: ó máa ń fi orúkọ oníbàárà kún ìkíni. Àwọn tó ṣe é kò mọ̀ pé àgbà kì í ṣe ẹgbẹ́ ọmọdé. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó fi “Báwo ni” àti orúkọ àbísọ kí olóyè arúgbó kan, bí ẹni ń pe ọmọọṣẹ́. Olóyè fi fóònù pe aláṣọ, ó ní òun fẹ́ mọ ilé tí wọ́n ti tọ́ ọ. Láti ìgbà náà, “Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin èèyàn wa” ni gbogbo wọn ń gbà.

Ẹni tó bá sú gbọ́dọ̀ rọ́nà lọ. Láti ọdún 2024, Google ti sọ ọ́ di dandan pé kí ẹni tó ń fi ìpolówó tó 5,000 ránṣẹ́ sáwọn oní-Gmail lóòjọ́ fi ibi tí wọn yóò tẹ̀ lẹ́ẹ̀kan láti jáde sínú lẹ́tà rẹ̀. Ọjà àdìrẹ kékeré kò dé iye yẹn rárá, àmọ́ oníbàárà tí kò bá rọ́nà jáde yóò tẹ̀ ẹ́ pé pàǹtírí ni. Bí irú wọn bá pọ̀, lẹ́tà aláṣọ á bẹ̀rẹ̀ sí í já sí àpótí pàǹtírí, títí kan tàwọn tó ń retí rẹ̀.