Ẹ Wo Ọwọ́ Àwọn Ọlọ́ṣẹ

Àwọn tó fi ọṣẹ kọ́ gbogbo ayé ní ìmọ́tótó, ẹ jẹ́ ká yẹ ilé tiwọn náà wò díẹ̀. Mo mọ̀ pé kò dáa kéèyàn máa tú àṣírí òkú, ṣùgbọ́n àwọn òkú yìí ò dákẹ́ nígbà ayé tiwọn. Ojú ìwé ìròyìn àti ara ògiri ni wọ́n ti ń pariwo pé ara wa dọ̀tí, pé ọwọ́ àwọn ni oògùn rẹ̀ wà.

Mọ́dáámù Lillie Langtry ni màá kọ́kọ́ mú. Ọmọ àlùfáà ni o! Erékùṣù Jersey ni wọ́n bí i sí ní 1853, bàbá rẹ̀ ló sì jẹ́ olórí àwọn àlùfáà Ṣọ́ọ̀ṣì Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níbẹ̀. Edward ni ọkọ rẹ̀ ń jẹ́. Nígbà tó di 1877, Edward kejì yọjú, ìyẹn àrẹ̀mọ Ọbabìnrin Victoria, tí òun náà níyàwó àti ọmọ márùn-ún nílé. Wọn ò tilẹ̀ fi í pamọ́. Gbogbo London mọ̀ pé àlè ọmọ ọba ni, àwọn ṣọ́ọ̀bù sì ń ta fọ́tò rẹ̀ bí ẹni ń ta àkàrà gbígbóná. Ìgbà tí owó wá tán nílé, tí àwọn tí wọ́n jẹ lówó bẹ̀rẹ̀ sí í kanlẹ̀kùn, obìnrin náà bọ́ sórí ìtàgé ní 1881, ó di òṣèré. Ẹ bi mí pé ta ló tún tọ̀ ọ́ lọ. Ọlọ́ṣẹ! Àwọn Pears, tí ọṣẹ wọn mọ́ gaara bíi gíláàsì, ní kó fi orúkọ àti ojú rẹ̀ sínú ìpolówó àwọn. Obìnrin tí àwọn ìyálé ilé ń yínmú sí ni wọ́n gbé wá pé kí àwọn ìyálé ilé kan náà wá wo bí awọ ara tó mọ́ ṣe ń rí. Wọ́n yínmú tán, wọ́n sì ra ọṣẹ.

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ. Nígbà tí Pears dé Amẹ́ríkà, ẹni ọ̀wọ̀ ni wọ́n ń wá níbẹ̀, ni wọ́n bá lọ bá Henry Ward Beecher, oníwàásù tí èrò ń wọ́ tọ̀ ní Brooklyn. Bàbá gbà fún wọn, ó kọ ọ́ síwèé, ó fi ọṣẹ wé ọ̀nà oore-ọ̀fẹ́ Ọlọ́run. Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ní 1875, Theodore Tilton, tó jẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ tẹ́lẹ̀, ti wọ́ ọ lọ sí kóòtù pé ó ń bá ìyàwó òun ṣàgbèrè. Nǹkan bí oṣù mẹ́fà ni wọ́n fi ṣẹjọ́ náà, àwọn ìgbìmọ̀ tó gbọ́ ọ ò sì lè fẹnu kò síbì kan. Èmi ò sọ pé bàbá ṣe é o. N ò sì sọ pé kò ṣe é. Ìbéèrè tèmi ò ju pé nínú gbogbo pásítọ̀ tó wà ní Amẹ́ríkà, ṣé ẹni yẹn nìkan ló mọ̀ nípa ìmọ́tótó?

Thomas Barratt ló wà nídìí gbogbo rẹ̀. Ó fẹ́ Mary, ọmọ ọ̀gá ilé iṣẹ́ Pears, ó sì di alájọṣe nínú òwò àna rẹ̀ ní 1865. Àna gba ọkọ ọmọ, kò mọ̀ pé òun gba ẹni tí kò lójú tì. Ẹ gbọ́ èyí: Barratt kó owó idẹ ilẹ̀ Faransé wọ̀lú lọ́pọ̀ yanturu, ó lu orúkọ Pears mọ́ ojú wọn, ó sì ń ná wọn láàárín ọjà bí owó Gẹ̀ẹ́sì! Ojú owó ló sọ di pátákó ìpolówó. Òfin ni ìjọba fi lé owó àlejò náà kúrò nígboro.

Òun náà ló sì mú ọmọdé wọ̀ ọ́. Ní 1886 ni John Everett Millais, àgbà ọ̀jẹ̀ ayàwòrán, ya ọmọ-ọmọ rẹ̀, Willie James, tó jókòó tó ń wo ìfófòó ọṣẹ tó ń léfòó lójú òfuurufú. Àwòrán tó rẹwà ni, n ò purọ́. Ó bọ́ sọ́wọ́ Barratt ní £2,200, kí ẹ sì tó ṣẹ́jú, wọ́n ti tẹ ọṣẹ Pears mọ́ ẹsẹ̀ ọmọ náà, wọ́n ti lẹ̀ ẹ́ káàkiri. Marie Corelli, òǹkọ̀wé, fi ọ̀rọ̀ gún Millais nínú ìwé, ó ní ó ta ẹ̀bùn rẹ̀ fún ọlọ́ṣẹ. Ọmọ inú àwòrán wá ńkọ́? Ó dàgbà, ó wọṣẹ́ ogun ojú omi ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó gòkè títí ó fi di Admiral. Pẹ̀lú gbogbo bàájì àyà rẹ̀, Bubbles, orúkọ àwòrán ọṣẹ yẹn, ni wọ́n fi ń pè é títí ó fi kú. Ọkọ̀ ogun kan náà tó ń ṣílẹ̀kùn ilẹ̀ onílẹ̀ fún àwọn oníṣòwò, ọmọ orí páálí ọṣẹ ló wá ń pàṣẹ níbẹ̀.

Gbogbo ìyẹn ṣì jẹ́ ẹ̀rín. Èyí tí mo fẹ́ sọ báyìí, ẹnu mi wúwo láti sọ ọ́. Ní nǹkan bíi 1884, Pears tẹ ìpolówó kan tó ní àwòrán méjì. Nínú èyí àkọ́kọ́, ọmọ dúdú kan jókòó sínú ọpọ́n ìwẹ̀, ọmọ òyìnbó kan dúró tì í, ó so épúrọ́ọ̀nù mọ́dìí, ọṣẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Nínú èkejì, ọmọ dúdú ti jáde nínú omi. Ara rẹ̀ ti funfun láti ọrùn dé ẹsẹ̀. Ojú nìkan ló ṣẹ́kù tó dúdú, ọmọ òyìnbó wá gbé dígí sí i lójú kó wo ara rẹ̀. Ẹ wò ó dáadáa. Awọ tí Ọlọ́run fún ọmọ ọlọ́mọ ni wọ́n pè ní ìdọ̀tí, wọ́n tẹ̀ ẹ́ síwèé ìròyìn fún ọdún Kérésì, àwọn ìyá onígbàgbọ́ sì ń fi í han ọmọ wọn nídìí iná.

Bí wọ́n ṣe rí i pé ó tà, wọn ò sinmi mọ́. Wọ́n ya àwọn jagunjagun Sudan tí wọ́n ya ẹnu sílẹ̀ níwájú òkúta kan tí wọ́n kọ ìyìn ọṣẹ Pears sí, bí ẹni pé ọṣẹ ló ṣẹ́gun wọn, tí kì í ṣe ìbọn. Ní 1899, ọdún tó tẹ̀ lé èyí tí Amẹ́ríkà gba Manila, wọ́n ya ọ̀gágun ojú omi kan nínú aṣọ funfun báláú, tó ń fọwọ́ nínú ọkọ̀. Fífọwọ́! Ẹni tó ti ogun dé ń fọwọ́, wọ́n ní ìmọ́tótó ni.

Ẹ jẹ́ ká fi Pears sílẹ̀, kí William Lever má baà rò pé mo gbàgbé òun. Ọmọ onísọ̀ oúnjẹ ní Bolton ni, wọ́n bí i ní 1851. Òun ló ṣe ọṣẹ Sunlight, òun ló kọ́ ìlú Port Sunlight fáwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ láti 1888, ilé dáadáa tó ní ọgbà òdòdó. Àwọn èèyàn ń yìn ín. Ṣùgbọ́n ní 1920, Augustus John ya àwòrán rẹ̀, bàbá wò ó, ojú tó rí níbẹ̀ ò wù ú. Ẹlòmíì á dá a padà, tàbí kó gbé e kọ́ sí yàrá ẹ̀yìn. Lever gé orí kúrò nínú àwòrán náà, ó tì í mọ́nú séèfù! Obìnrin tó ń tọ́jú ilé rí ìyókù nínú àpótí tó fi dé, ó sì fi í ránṣẹ́ padà fún ayàwòrán. Ẹ fojú inú wo John tó tú ẹrù: kóòtù wà, ọwọ́ wà, orí ò sí. Ariwo sọ! Ní Florence, wọ́n fi ọṣẹ àti ọ̀rá mọ ère Lever, wọ́n gbé e kiri, wọ́n dáná sun ún.

Ibi tó ń dùn mí sí rèé. Orí tí wọ́n fi ọ̀dà yà ni wọ́n torí ẹ̀ dáná sun ère. Ní gbogbo ìgbà yẹn, Lever ti wà ní Congo láti 1911, níbi tí ìjọba Belgium ti yọ̀ǹda fún un láti gba ilẹ̀ ọ̀pẹ tó lè tó 750,000 hẹ́kítà. Ọ̀pẹ tí bàbá ńlá àwọn onílẹ̀ ń kọ di ti ilé iṣẹ́. Wọ́n ń fi ipá kó ọkùnrin lọ gun ọ̀pẹ, ẹni tó bá kọ̀ a fojú winá pàṣán àti ẹ̀wọ̀n. Nígbà tí ọṣẹ àkọ́kọ́ jáde láti inú epo náà, Lever fi í sínú àpótí eyín erin, ó gbé e fún Ọba Albert ìlú Belgium. Ọṣẹ nínú eyín erin! Ní 1931, àwọn ará Pende dìde pé ó tó gẹ́ẹ́, ìjọba sì yìnbọn pa èèyàn tó lé ní 500 nínú wọn. Ayàwòrán wo ló dáná sun ère nítorí wọn? Àwọn àgbà ní aláṣọ àlà kì í jókòó sísọ̀ elépo. Irọ́ ni wọ́n pa fún wa: ìsọ̀ elépo gan-an ni aláṣọ àlà yìí jókòó sí, ó kàn rí ẹni bá a nu ìdọ̀tí náà ni.

Ẹ má rò pé ọ̀nà jìn sí wa. Epo pupa àti èkùrọ́ ilẹ̀ wa ti ń wọkọ̀ lọ sí Liverpool kí wọ́n tó gba Èkó lọ́wọ́ Ọba Dòsùnmú ní 1861, tí ọkọ̀ ogun dúró sí èbúté. Lever fẹ́ ilẹ̀ ọ̀pẹ ní Nàìjíríà náà, Gómìnà Hugh Clifford ò gbà fún un. Ó ra ilé iṣẹ́ Niger Company ní 1920, owó tó lé ní mílíọ̀nù mẹ́jọ pọ́n-ùn, iye epo sì já lulẹ̀ lọ́dún náà gan-an. Mi ò ní í purọ́, mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo kà á. Láti 1923 ni ilé iṣẹ́ rẹ̀ ti fìdí múlẹ̀ ní Èkó, kó máa ta ọṣẹ fún àwọn tó ni epo.

Bẹ́ẹ̀ àwọn ìyá wa ń se ọṣẹ tiwọn. Wọ́n á jó èèpo àgbagbà di eérú, tàbí èèpo kòkó nígbà tí kòkó dé, wọ́n á sẹ́ omi eérú náà, wọ́n á gbé e kaná, wọ́n á da àdín sí i, wọ́n á máa fi orógùn rò ó títí tí yóò fi dì, tí yóò dúdú kirikiri. Ọṣẹ yìí la fi wẹ ọmọ tuntun, òun la fi wẹ orí ìyàwó. Ọṣẹ dúdú tó ń fọ nǹkan mọ́! Ẹ wo bó ṣe máa bí àwọn oníwèé ìròyìn yẹn nínú tó.

Lẹ́yìn náà ni tẹlifíṣọ̀n dé. Lux, ọmọ ilé Lever kan náà, ti ń lo àwọn arẹwà Hollywood tipẹ́. Ní tiwa, Patti Boulaye ló ń fi ojú dídán hàn wá, ní 2004 ó kan Genevieve Nnaji. N ò ní ẹjọ́ kankan bá àwọn ọmọ wa, iṣẹ́ ni wọ́n ṣe, wọ́n sì rẹwà. Àwa tó jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n ni mò ń bá wí, àwa tí wọ́n ta ọṣẹ fún tí a ra awọ ẹlòmíì mọ́ ọn. Fẹlá ti bínú lórí ọ̀rọ̀ bíbóra láti 1976, ó ṣe odidi rẹ́kọ́ọ̀dù lé e lórí. Àwọn tó jó sí rẹ́kọ́ọ̀dù náà lóde àríyá, àwọn kan nínú wọn ti bó tán kí wọ́n tó délé.

Ẹ lọ sí ọjà èyíkéyìí lónìí, kí ẹ wo ọwọ́ oníìpara. Ojú ń pọ́n bíi Fanta, ẹsẹ̀ dúdú bíi Kóòkì. Oríkèé ìka ò gbọ́, ó kọ̀ jálẹ̀, ó dúdú rekete bí ojú ọmọ inú ọpọ́n ìwẹ̀ yẹn. Wọ́n á wá na ìka kan náà sí ọ pé kí o wá ra tìẹ.

Èyí tó wá ya mí lẹ́nu jù ni pé wọ́n ti mú ọṣẹ dúdú wọ̀ ọ́. Ọṣẹ dúdú ti ìyá wa! Wọ́n ń po àwọn kẹ́míkà abóra mọ́ ọn, wọ́n ń dì í sínú ike, wọ́n ń lẹ àwòrán ọmọge pupa mọ́ ọn, wọ́n ń polówó rẹ̀ pé ti ìbílẹ̀ ni. Mo bi ọ̀kan nínú wọn bóyá ó mọ̀ pé nǹkan ìtìjú ni. Ó ní, “Màmá, ṣé ẹ fẹ́ èyí tó yára ni, àbí èyí tó rọra?”